Wọ́n Ní Ọgbẹ́ Inú Ni

Ẹni tó bá ti tọ́jú aláìsàn rí nìkan ló lè mọ bí irọ́ ṣe máa ń jọ oògùn. A ó bu díẹ̀ fún aláìsàn, ọkàn rẹ̀ á balẹ̀, tiwa náà á balẹ̀. Bí ilẹ̀ bá tún mọ́, a ó bu sí i. A kì í mọ ìgbà tó máa ń di ohun tí a kò lè ṣe aláìbù mọ́.

Bó ṣe bẹ̀rẹ̀ fún Jemimah nìyẹn. Òṣìṣẹ́ ni ní iléeṣẹ́ ìjọba àpapọ̀ kan ní Àbújá, Dutse Alhaji lòun àti Káyọ̀dé ọkọ rẹ̀ ń gbé. Láti Ìsánlú ni wọ́n ti gbé ìyá rẹ̀ wá bá a. Tíṣà tó ti fẹ̀yìn tì ni ìyá náà, inú rírun kò sì jẹ́ kó jẹun mọ́. Ó rù débi pé ìró kì í dúró ní ìdí rẹ̀.

Màmá Níyì ni gbogbo àdúgbò ń pè é. Níyìolúwa ni àkọ́bí rẹ̀, ẹ̀gbọ́n Jemimah. Ohun tí àdúgbò kò mọ̀ ni pé ó ti pẹ́ tí Màmá Níyì àti Níyì ti bára wọn sọ̀rọ̀ gbẹ̀yìn.

Níyì ń ṣiṣẹ́ ní Sókótó. Ibẹ̀ ló ti rí Ummulkhulthum, ó fẹ́ ẹ, ó sì di Mùsùlùmí. Màmá, tó jẹ́ ìyá ìjọ, ní ọjọ́ tó bá ti kírun ni kó má wọ ilé òun mọ́. Níyì kò sì wọ ọ́ mọ́. Ṣùgbọ́n nígbà tí wọ́n bí ọmọ obìnrin fún un, Iredélé ló sọ ọ́, orúkọ ìyá tó bí Màmá gan-an. Láti ìgbà tí Màmá ti gbọ́ ìyẹn ni ìbínú rẹ̀ ti ń yọ́ díẹ̀díẹ̀. Àpọ́nlé ara rẹ̀ ni kò jẹ́ kó sọ.

Dókítà tó yẹ Màmá wò, Àbdùlláhì, ọmọ Kàbbà ni. Nígbà tí nọ́ọ̀sì ń bá Màmá wọ aṣọ rẹ̀ padà ní yàrá kejì, ó ní kí Jemimah jókòó.

Ó ní, "Jẹjẹrẹ ni. Inú ẹ̀dọ̀ ló wà, ó sì ti ràn dé ibòmíràn. Kò sí iṣẹ́ abẹ tó lè kápá rẹ̀ mọ́. Ohun tó kù tí a lè ṣe ni ká má jẹ́ kí ìrora jẹ wọ́n níyà."

Jemimah bi í léèrè iye àkókò tó kù.

"Ọlọ́run ló mọ̀. Ṣùgbọ́n oṣù la ń sọ, kì í ṣe ọdún. Ẹ jẹ́ kí wọ́n wọlé, kí n ṣàlàyé fún wọn."

"Dókítà, ẹ jọ̀ọ́, ẹ má sọ fún wọn."

"Ara wọn ni, ọpọlọ wọn sì pé. Àwọn ni òfin ní kí n kọ́kọ́ sọ fún. Ẹ̀yin gan-an, àwọn ló yẹ kó gbà kí n tó lè bá yín sọ ọ́."

"Màmá ní àbúrò kan. Ọjọ́ tí wọ́n sọ ohun tó ń ṣe é fún un ló gbé oúnjẹ tì. Kò pẹ́ tó fi lọ. Ìpayà ló pa á, kì í ṣe àìsàn. Ṣé ẹ fẹ́ kó jẹ́ ẹnu yín ló máa pa màmá mi?"

Dókítà ti ìwé àyẹ̀wò náà sẹ́gbẹ̀ẹ́. Ó ní, "Màá fún yín láyè díẹ̀, kí ẹ fi múra láti sọ ọ́ fúnra yín. Ṣùgbọ́n ẹ gbọ́ o. N kò ní í parọ́ fún wọn. Bí wọ́n bá bi mí, màá dáhùn."

Bí Màmá ṣe wọlé ló ti bèèrè, kó tó jókòó pàápàá. "Dókítà, kí lẹ rí nínú mi?"

Jemimah kò jẹ́ kí dókítà la ẹnu. "Ọgbẹ́ inú ni, Màmá. Wọ́n ní ẹ̀ ń fi ebi pa inú jù."

Màmá rẹ́rìn-ín. "Mo mọ̀. Gààrí òfìfo tí mo máa ń mu lọ́sàn-án yẹn náà ni."

Dókítà Àbdùlláhì tẹjú mọ́ tábìlì rẹ̀. Kò sọ nǹkan kan.

Nígbà tí wọ́n délé, Káyọ̀dé fa ìyàwó rẹ̀ sí ẹ̀yìnkùlé. Èèyàn jẹ́jẹ́ ni, kì í sọ̀rọ̀ púpọ̀. Ó ní, "Bó bá jẹ́ ìwọ ni, ṣé o kò ní fẹ́ mọ̀?"

"Èmi kọ́ ni Màmá."

"Mo mọ̀. Ìdí tí mo fi ń bi ọ́ nìyẹn."

Jemimah ní òun á sọ fún Màmá tí ara rẹ̀ bá le díẹ̀ sí i. Ẹnikẹ́ni tó bá gbọ́ ọ á rò pé òótọ́ ni, òun náà rò bẹ́ẹ̀.

Oògùn ìrora tí wọ́n fún Màmá ṣiṣẹ́. Ó tún bẹ̀rẹ̀ sí í jẹun. Ó máa ń gbé àga jókòó sí ẹnu géètì nírọ̀lẹ́, á máa pe àwọn ọmọ àdúgbò tí wọ́n ń gbọ́ Yorùbá ṣùgbọ́n tí wọ́n ń fi Gẹ̀ẹ́sì dáhùn. Á ní kí wọ́n tún un sọ. Á kí àwọn ará Okun, àwọn ará ìhà Ìsánlú, tó bá ń kọjá ní kíkí ilé wọn, "Okun o," inú wọn á sì dùn.

Jemimah náà ń gbádùn rẹ̀. Bó bá ti ibi iṣẹ́ dé, ẹsẹ̀ Màmá ni yóò jókòó sí. Màmá sọ ìtàn ìgbà tó ń ṣe wúńdíá fún un, èyí tí kò sọ fún ẹnikẹ́ni rí. Wọ́n jọ ń rẹ́rìn-ín. Bí ẹnì kan bá rí wọn, yóò ní irọ́ náà dára, àbí kí ni òótọ́ ìbá fún wọn tó ju èyí lọ?

Ní ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ kan, Màmá ní, "Ara mi ń bọ̀ sípò, Jemimah. Bí mo bá ti lè rìn dáadáa, mò ń lọ sí Sókótó."

Jemimah ní, "Ẹ kúkú pè é lórí fóònù, Màmá."

"Rárá o. Ọ̀rọ̀ tí mo sọ sí ọmọ yẹn, ojúkojú ni mo sọ ọ́. Ojúkojú ni màá kó o kúrò ńlẹ̀. Bí mo bá pè é báyìí, á rò pé àìsàn ló lé mi wá bá òun. Ẹsẹ̀ ara mi ni n fẹ́ fi wọ ilé rẹ̀. Kí n ní, Níyì, mo ṣẹ̀ ọ́. Kí n gbé Iredélé sí itan mi. Kò ju ìyẹn lọ."

Ibẹ̀ gan-an ló ti yẹ kí Jemimah la ẹnu. Ọ̀rọ̀ náà ti dé etí ètè rẹ̀. Bó bá ní, "Màmá, ẹ kò ní àkókò tó yẹn," kí ilẹ̀ ọjọ́ kejì tó ṣú ni wọn ìbá ti ránṣẹ́ pe Níyì.

Kò sọ ọ́. Ó sọ fún ara rẹ̀ pé nítorí ìpayà ni. Ṣùgbọ́n nǹkan mìíràn wà lábẹ́ rẹ̀ tí kò jẹ́wọ́ fún ọkọ rẹ̀ pàápàá. Láti kékeré, Níyì ni Màmá máa ń wò kó tó wo òun. Nínú ilé tirẹ̀ yìí, níbi tó ti ń wẹ ìyá rẹ̀ tó sì ń fún un lóúnjẹ, Màmá Níyì ni àlejò ṣì ń kí. Àsìkò àìsàn yìí ni ìgbà àkọ́kọ́ tí Màmá jẹ́ tirẹ̀ nìkan. Bó bá sọ òótọ́, Níyì yóò dé, yàrá náà yóò sì kún fún Níyì.

"Ó dáa, Màmá," ló wí. "Ẹ jẹ́ kí ara yín kọ́kọ́ yá."

Kò pẹ́ sí ìgbà náà ni Níyì fúnra rẹ̀ pè. Jemimah wà ní ọjà Wuse, ó ń yan ìbẹ́pẹ tó rọ̀, nítorí ìyẹn ni Màmá lè gbé mì.

"Ẹnì kan láti Ìsánlú ló sọ fún mi pé Màmá wà lọ́dọ̀ rẹ, pé wọ́n ti rù. Kí ló ń ṣe wọ́n?"

"Ọgbẹ́ inú ni."

"Ṣé kí n wá?"

Ariwo àwọn tó ń pe èrò sínú takisí kún etí rẹ̀. Ó yí ẹ̀yìn sí wọn. "Má tíì wá. Ní sùúrù di ìgbà Kérésì. Inú wọn á ti rọ̀ sí i nígbà náà."

Níyì rẹ ohùn sílẹ̀. "Ṣé wọ́n ṣì ń bínú sí mi?"

"O mọ Màmá."

Ohun tó fi dá a lóhùn nìyẹn. Kò parọ́, kò sì sọ òótọ́. Níyì mí kanlẹ̀, ó ní, "Ó dáa. Bá mi kí wọn." Jemimah sanwó ìbẹ́pẹ, ó wọ takisí lọ sílé, kò sì jẹ́ ìkíni náà.

Àìsàn kì í gbọ́ irọ́. Ìrora padà dé, ó sì le ju ti tẹ́lẹ̀ lọ. Dókítà gbé Màmá lọ sí ẹ̀ka ilé ìwòsàn tí wọ́n ti ń tọ́jú ìrora àwọn tí àìsàn wọn kò gbóògùn mọ́. Wọ́n fún un ní mọfíìnì olómi, oògùn ìrora tó lágbára. Jemimah fi omi gbígbóná bó ìwé ara ìgò náà, nítorí Màmá mọ̀wé kà. Nígbà tí ẹyinjú Màmá bẹ̀rẹ̀ sí í pọ́n bí epo, ó yọ dígí ilé ìwẹ̀ kúrò, ó ní ó bọ́ ó fọ́.

"Irú oògùn ọgbẹ́ inú wo ló ń kunni lóorun báyìí?" Màmá bi í.

"Wọ́n fẹ́ kí ẹ máa sinmi ni."

Bí wọ́n bá dé ọ̀dọ̀ dókítà, Jemimah ni yóò dáhùn gbogbo ìbéèrè. Ṣé wọ́n ń sùn? Wọ́n ń sùn. Ṣé ìrora ń jí wọn? Ó máa ń jí wọn. Bí dókítà bá fẹ́ yí ojú sí Màmá, Jemimah á ní ó ti rẹ̀ wọ́n, ẹ jẹ́ ká máa lọ. Lẹ́ẹ̀kan, dókítà tẹ̀ lé e dé ẹnu ọ̀nà. Ó ní, "Ẹ̀ ń fi èmi náà ṣe òpùrọ́." Jemimah ní kó fún òun ní ọ̀sẹ̀ kan sí i. Ohun tó ti ń sọ láti ọjọ́ yìí náà nìyẹn.

Ọjọ́ tí àṣírí tú, ìlà pọ̀ níbi tí wọ́n ti ń gba oògùn. Jemimah fi Màmá sílẹ̀ lórí bẹ́ǹṣì, ó ní òun ń bọ̀. Obìnrin kan jókòó síbẹ̀, Hàbíbátù, ọmọ Ìlọrin, apá rẹ̀ ọ̀tún wú gan-an. Òun ló padà sọ fún Jemimah bí ọ̀rọ̀ náà ṣe lọ, pẹ̀lú ẹkún.

Hàbíbátù ló kọ́kọ́ kí Màmá. "Sànnu, Màmá. Ẹ kú ìfaradà. Tiyín ńkọ́, ibo ló wà? Ọmú ni tèmi."

"Kí ló wà níbo?"

"Jẹjẹrẹ yín."

"Ọgbẹ́ inú ló ń ṣe èmi, ọmọ mi."

Hàbíbátù wo ẹyinjú Màmá, ó wo ìgò oògùn tó wà lọ́wọ́ rẹ̀, tí wọ́n ti bó ìwé ara rẹ̀. Ó rí i pé òun ti ṣe àṣìsọ. Ó ní, "Bóyá mo ṣì í mú ni, ẹ má bínú," ó sì fẹ́ dìde.

Màmá di ọwọ́ rẹ̀ mú. "O kò ṣì í. Jókòó. Àwọn wo ni wọ́n máa ń gbé wá síbí?"

Nígbà tí Jemimah padà dé, àwọn méjèèjì ń wo iwájú, ọwọ́ ọ̀kan wà nínú ti èkejì. Hàbíbátù kò lè wo ojú rẹ̀. Bí nọ́ọ̀sì ṣe pè wọ́n wọlé, Jemimah ti bẹ̀rẹ̀. "Dókítà, wọ́n sùn díẹ̀ lánàá, ṣùgbọ́n..."

Màmá na ọwọ́ sókè, bí tíṣà ṣe máa ń ṣe nígbà tí kíláàsì bá ń pariwo.

"Jemimah, jáde."

"Màmá, ẹ jẹ́ kí n..."

"Mo ní kó o jáde. Ti ilẹ̀kùn."

Ó jáde. Ó gbé etí sí ilẹ̀kùn, kò gbọ́ nǹkan kan. Kò gbọ́ ẹkún, kò gbọ́ igbe. Ìpayà tó sọ pé yóò pa Màmá, kò gbọ́ ọ.

Jemimah ń wa mọ́tò Káyọ̀dé lọ sílé, wọ́n ti yà kúrò ní títì ńlá sọ́nà Dutse. Ìgbà náà ni Màmá bèèrè, ohùn rẹ̀ kò sì lọ sókè. "Ṣé o ti mọ̀ láti ọjọ́ àkọ́kọ́?"

"Bẹ́ẹ̀ ni, Màmá."

"Ta ló ni ara yìí?"

"Ẹ̀yin ni, Màmá."

"Gbogbo ọdún tí mo fi ṣe tíṣà, n kò sọ fún ọmọ kankan rí pé ó yege nígbà tó fìdí rẹmi. Mo máa ń sọ ọ́ fún un, kó lè mọ ohun tó kù fún un láti ṣe. Ohun tó kù fún èmi láti ṣe ńkọ́, Jemimah? Ìwọ lo máa bá mi ṣe é?"

Jemimah dúró sí ẹ̀gbẹ́ títì, nítorí omijé kò jẹ́ kó rí ọ̀nà mọ́. Màmá kò nawọ́ kàn án, kò sì bú u. Ó wo ìta títí ọmọ rẹ̀ fi nu ojú tán. Ó ní, "Pe ẹ̀gbọ́n rẹ. Sọ fún un kó mú Iredélé wá."

Ojú ẹsẹ̀ ni Jemimah pè. Ó sọ gbogbo rẹ̀ fún Níyì, láti ìbẹ̀rẹ̀. Níyì kò sọ ju, "Mò ń bọ̀." Jemimah na fóònù sí Màmá pé kó bá a sọ̀rọ̀, Màmá mi orí. "Ọ̀rọ̀ yìí kì í ṣe ti fóònù. Bó bá dé, màá sọ ọ́."

Lójú ọ̀nà ìhà Sókótó lákòókò náà, àwọn agbébọn kò jẹ́ kí èèyàn kàn gbéra. Níyì ní láti dúró títí mọ́tò rẹ̀ fi bá àwọn ọkọ̀ tí ṣọ́jà ń sìn rìn.

Láàárín ìgbà tí wọ́n ń retí rẹ̀, Màmá ní kí dókítà wá bá òun nílé. Ó ní kí Káyọ̀dé àti Jemimah dúró. Ó fi ìrọ̀rí ti ẹ̀yìn rẹ̀, ó sì sọ̀rọ̀ wẹ́rẹ́wẹ́rẹ́.

"Dókítà, n kò fẹ́ ẹ̀rọ kankan. Ẹ má ti rọ́bà bọ̀ mí lọ́fun. Ẹ má gbé mi lọ síbi tí màá ti kú láàárín àjèjì. Ibí yìí ni n fẹ́ kú sí. Ìrora nìkan ni kí ẹ bá mi lé. Ṣé òfin gbà mí láyè?"

"Ó gbà yín láyè, Màmá. Ẹ lẹ́tọ̀ọ́ láti kọ ìtọ́jú tí ẹ kò fẹ́, níwọ̀n ìgbà tí ọpọlọ yín pé."

"Ó pé. Ẹ bi mí ní ohun tó bá wù yín." Lẹ́yìn náà ló yíjú sí ọmọ rẹ̀. "Jemimah, o ti bá mi yàn lẹ́ẹ̀kan. Má ṣe bá mi yàn lẹ́ẹ̀kejì."

Lẹ́yìn ìyẹn ni ẹ̀dọ̀ náà kọ iṣẹ́ sílẹ̀. Màmá bẹ̀rẹ̀ sí í pe orúkọ àwọn ọmọ tó kọ́ ní ilé ẹ̀kọ́ láti ìgbà pípẹ́. Ó ní kí Káyọ̀dé lọ lu agogo. Bó ṣe ń sọ̀rọ̀ ni oorun ń gbé e, oorun náà sì ń jìn sí i. Nígbà tí yóò fi di ọ̀sán tí Níyì wọlé, tòun ti Ummulkhulthum àti ọmọ wọn, Màmá kò dáhùn mọ́. Èémí rẹ̀ nìkan ló ń dún bí omi tó ń hó lórí iná kékeré.

Níyì kúnlẹ̀. "Màmá, èmi ni. Èmi ni, Níyì." Ó gbọn èjìká rẹ̀ díẹ̀. Ó tún gbọ̀n ọ́n.

Ó dìde, ó ní, "Ẹ jẹ́ ká gbé wọn lọ sílé ìwòsàn."

Jemimah ní, "Wọ́n ní àwọn kò fẹ́. Wọ́n ní ibí yìí làwọn máa wà."

"Ta ló gbọ́?"

"Èmi gbọ́. Ọkọ mi gbọ́. Dókítà náà gbọ́."

Níyì wò ó. "Ìwọ tó o ní ọgbẹ́ inú ni. Ìwọ ni kí n gbà gbọ́."

 Òótọ́ tí Jemimah ń sọ ti ń dún létí bí irọ́ ọjọ́ kìíní.

Wọ́n pe dókítà, ó dé. Níyì kò jẹ́ kó jókòó. "Èmi ni àkọ́bí. Ẹ̀rọ amúnimí wà ní ilé ìwòsàn yín, ẹ gbé wọn síbẹ̀. Kí wọ́n lajú lẹ́ẹ̀kan péré, kí n tọrọ àforíjì lọ́wọ́ wọn. Lẹ́yìn náà kí Ọlọ́run ṣe tirẹ̀."

"Ẹ̀rọ lè máa bá wọn mí, ẹ̀gbọ́n. Kò lè jí wọn. Ẹnu ara wọn ni wọ́n sì fi kọ̀ ọ́."

"Mo ní èmi ni àkọ́bí."

"Àkọ́bí kò ni ara ìyá rẹ̀."

"Ṣé ẹ kò rí i pé pípa lẹ̀ ń pa wọ́n ni? Mùsùlùmí bíi tèmi ni yín."

"Ọlọ́run ló ń gba ẹ̀mí," Dókítà Àbdùlláhì dáhùn pẹ̀lẹ́. "N kò bá A yára sí i, n kò sì dí I lọ́nà. Ìrora nìkan ni mò ń lé."

"Màá pè yín lẹ́jọ́."

"Ẹ lè pè mí. Ṣùgbọ́n tí ẹ bá dé ilé ẹjọ́, èyí kọ́ ni kí ẹ rò. Ọjọ́ tí Màmá bi mí ní ohun tó ń ṣe wọ́n, tí àbúrò yín gba ọ̀rọ̀ náà mọ́ mi lẹ́nu, mo tẹjú mọ́ tábìlì mi. Ìyẹn ni mo jẹ̀bi rẹ̀. Lọ́jọ́ yẹn, ẹ ṣì ní àkókò."

 Níyì fa Jemimah jáde sí ọ̀dẹ̀dẹ̀. Ìbínú ti lọ lójú rẹ̀, ẹ̀bẹ̀ ló kù. "Ilé ìwòsàn aládàáni kan wà lọ́nà Bwari níbí, mo rí i bí a ṣe ń bọ̀. Wọn kò ní bèèrè nǹkan kan. Mọ́tò mi wà níta. Ìwọ lo gba àsìkò yìí lọ́wọ́ mi, Jemimah. Dá a padà fún mi."

Ó tọ́ sí i. Ohun tó ń jẹ Jemimah níyà nìyẹn títí di òní. Gbogbo ohun tí ẹ̀gbọ́n rẹ̀ sọ ló tọ́. Bó bá ní "ẹ gbé wọn," bóyá Níyì á dárí jì í. Bóyá ẹ̀rí ọkàn rẹ̀ pàápàá á fúyẹ́. Kí ló kù tí Màmá tún lè mọ̀? Màmá kò lè na ọwọ́ sókè mọ́. Kò lè ní kó jáde.

Ó wo inú yàrá láti ọ̀dẹ̀dẹ̀. Iredélé dúró ti ibùsùn, ó ń wo ẹnu ìyá bàbá rẹ̀ tí kò rí rí.

"Rárá," Jemimah wí.

 Níyì padà wọlé, ó jókòó sí ẹ̀gbẹ́ ibùsùn, ó sì mú ọwọ́ ọmọ rẹ̀ lé ọwọ́ Màmá. Dókítà ti sọ pé ó ṣeé ṣe kí Màmá ṣì máa gbọ́ràn. Níyì tẹ ẹnu mọ́ etí rẹ̀, ó ń sọ̀rọ̀ wúyẹ́wúyẹ́. Kò sẹ́ni tó mọ ohun tó sọ. Nígbà tí oòrùn ń wọ̀ lẹ́yìn àwọn òkè Dutse, èémí náà fa gùn, ó dúró, ó tún fà lẹ́ẹ̀kan sí i, ó sì tán. Níyì kò mọ̀. Ó ṣì ń sọ̀rọ̀ lọ títí Káyọ̀dé fi gbé ọwọ́ lé e léjìká.

Ìsánlú ni wọ́n sin ín sí. Àwọn èèyàn ń di Jemimah mọ́ra. Wọ́n ní kò sí ohun tí ọmọ lè ṣe fún ìyá tí kò ṣe, pé ọmọ tirẹ̀ náà á tọ́jú rẹ̀ bẹ́ẹ̀. Ó ń ṣe àmín. Gbogbo àmín náà ló ń korò lẹ́nu rẹ̀.

Nígbà tí èrò tú ká, Níyì wá bá a ní ẹ̀yìn ilé, níbi tó ti ń kó abọ́ jọ. Ìyẹn ni ìgbà àkọ́kọ́ tó bá a sọ̀rọ̀ láti ọ̀dẹ̀dẹ̀ Dutse.

"Ọjọ́ tí mo pè ọ́, tó o ní kí n dúró di Kérésì. Kí ni Màmá ń sọ nípa mi nígbà yẹn?"

Jemimah lè sọ pé Màmá kò sọ nǹkan kan. Ó lè sọ pé ìbínú ṣì ń bẹ lọ́kàn rẹ̀, kí Níyì lè gbà pé bí òun tilẹ̀ wá, Màmá lè má gba òun. Àánú ni ìyẹn ìbá jẹ́. Ó mọ̀ ọ́n.

Ṣùgbọ́n ó ti búra fún ara rẹ̀ níwájú sàréè pé òun kò ní í fi ohun tó jẹ́ ti ẹlòmíràn pa mọ́ fún un mọ́. Ó ní, "Wọ́n ní bí ara àwọn bá yá, àwọn á fi ẹsẹ̀ ara àwọn wá sí Sókótó wá bá ọ. Wọ́n ní àwọn á sọ fún ọ pé àwọn ṣẹ̀ ọ́. Wọ́n fẹ́ gbé Iredélé sí itan."

Níyì wo ilẹ̀. 

"Ìbá sàn kó o parọ́ fún mi," ló wí. Ó pe ìyàwó rẹ̀, ó gbé ọmọ rẹ̀, wọ́n wọ mọ́tò.

Láti ìgbà náà ni kò ti gbé ìpè Jemimah mọ́.

Jemimah fúnra rẹ̀ ló ní kí ẹ gbọ́ èyí, ẹ̀yin tí ẹ ní aláìsàn lórí ibùsùn nílé. Kò ní ẹ máa já òótọ́ lu èèyàn bí òkúta. Ó ní ẹ kọ́kọ́ bi aláìsàn yín pé, "Báwo lẹ ṣe fẹ́ mọ̀ tó?" Bó bá ní òun kò fẹ́ mọ̀, ẹ fi sílẹ̀ fún un. Ṣùgbọ́n ẹ bi í. Ó ní òun kò fi ìgbà kankan bi ìyá òun.

Ní ọ̀sán ọjọ́ kan láìpẹ́ yìí, fóònù rẹ̀ dún lórí tábìlì ní ọ́fíìsì. Nọ́ńbà Níyì ni. Ó gbé e. Kò gbọ́ ọ̀rọ̀, èémí ọmọdé ló gbọ́, ọmọ tó ń fi fóònù bàbá rẹ̀ ṣeré.

"Iredélé?" ó pè é pẹ̀lẹ́. "Ìwọ ni?"

Èémí náà dúró, bí ẹni tó ń fetí sílẹ̀. Lẹ́yìn náà ló gbọ́ ohùn Níyì lókèèrè, tó ń bèèrè pé ta lò ń bá sọ̀rọ̀. Ọmọ náà fi Hausa dá bàbá rẹ̀ lóhùn pé òun kò mọ̀, fóònù sì kú.